Owó Sàlómẹ̀-Gbọ́

Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí àkọ́díọ̀nù ṣe wúwo tó, kó gbé e lé itan láti Ìbàdàn dé Ifẹ̀-Ọ̀dàn, nínú bọ́ọ̀sì tí iṣu ìdána ti kún abẹ́ àga rẹ̀ débi pé ẹsẹ̀ kò ríbi nà sí. A gba Ìwó, a gba Èjìgbò, kò sì sí kòtò tí a bọ́ sí tí orúnkún mi kò jẹ níbẹ̀. Ìyàwó mi jókòó tì mí, kò wí nǹkan kan. Ó ti sọ tirẹ̀ nílé: ó ní ìgò oyin ni ẹbí ní kí n rà wá, kò sẹ́ni tó ní kí n di olórin.

Òótọ́ ló sọ. Àbúrò mi kan, ọmọ àbúrò bàbá mi, ló fẹ́ fẹ́ ọmọ Ifẹ̀-Ọ̀dàn. A ṣe ìpàdé ẹbí, a pín iṣẹ́: ẹni tí yóò ra ewúrẹ́, ẹni tí yóò wá orógbó àti ataare, ẹni tí yóò bá alága ìdúró dúnàádúrà. Nígbà tí ọ̀rọ̀ kan orin, ẹnìkan ní kí a gba dí-jèè. Mo ní rárá. Mo ní ẹbí tó bá mọ iyì ara rẹ̀ kì í bẹ ẹ̀rọ pé kó bá òun kí àna.

Gbogbo ilé ló mọ àìsàn mi. Orin kan kò lè dún lóde àríyá kí n má sọ ẹni tó kọ ọ́, ọdún tó gbé e jáde àti ẹni tó ta gìtá nídìí rẹ̀. Bí mo bá ti na ìka sókè pé "ẹ gbọ́ gìtá yẹn ná," àwọn ọmọ ẹ̀gbọ́n mi á ti dìde, wọ́n á ní àwọn ń lọ wo ibi tí wọ́n ti ń bu ọbẹ̀. Nítorí náà, nígbà tí mo ní èmi gan-an ni n ó lu orin wọlé, pé "Salome" ti I.K. Dáìró ni n ó fi àkọ́díọ̀nù tẹ̀ fún àwọn àna wa, kò sẹ́ni tó takò mí. Mo kà á sí pé gbogbo wọn fọwọ́ sí i. Ìyàwó mi ní ó ti rẹ̀ wọ́n ni.

Ìdí tí mo fi yan orin náà kò fara sin. Ní 1962 ni "Salome" jáde, ó sì ti wọ ẹnu àwa Yorùbá débi pé ẹni tí wọn kò tíì bí nígbà náà, àní ẹni tí wọn kò tíì bí ìyá rẹ̀, lè gbè é láìmọ ẹni tó kọ ọ́. Orin ìfẹ́ ni, ohùn rẹ̀ rọ̀, ègbè rẹ̀ kì í pẹ́ wọni létí. Ó dún bí orin tí gbogbo wa bá nílé. Lójú tèmi, ọgbọ́n Dáìró gan-an nìyẹn: àga tí káfíńtà kàn tí a kò rí ojú ìṣó rẹ̀ ni orin náà. Ṣùgbọ́n èmi kò ronú dé ìdí ìṣó nígbà náà. Ohun tí mo rò ni pé ohun tó bá rọrùn lẹ́nu yóò rọrùn lọ́wọ́.

Mo yá àkọ́díọ̀nù náà lọ́wọ́ ọ̀rẹ́ mi kan tí bàbá rẹ̀ fi ń kọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì aládùúrà láyé ijọ́un. Ó ti pẹ́ nínú àpótí. Ẹwìrì rẹ̀ ti lu, ẹnìkan sì ti fi pílásítà egbò lẹ ojú ibẹ̀. Bí mo bá fà á, òórùn káńfọ̀ ni yóò kọ́kọ́ jáde kí ohùn tó tẹ̀lé e. Kò sì sí ẹni tí mo lè bá pé kó kọ́ mi. Dáìró ló gbé àkọ́díọ̀nù wọ inú orin jùjú tí òkìkí rẹ̀ fi kàn, ṣùgbọ́n àwọn ọ̀gá tó dé lẹ́yìn rẹ̀, Ebenezer Obey àti King Sunny Adé, gìtá ni wọ́n gbájú mọ́. Mo bá gbé e kọ́rùn bí ọwọ́ mi ṣe bá a, mo ń tẹ̀ ẹ́ lẹ́yìn ilé bí ilẹ̀ bá ti ṣú. Onílé mi pè mí lọ́jọ́ kan, ó ní ṣé n kò ní pe mẹkáníìkì kó wá wo jẹnẹrétọ̀ mi.

Ifẹ̀-Ọ̀dàn wà ní ìjọba ìbílẹ̀ Èjìgbò, lójú ọ̀nà tó já sí Ògbómọ̀ṣọ́. Ọyẹ́ ti mú nígbà tí a dé; eruku pupa ti bo ewé, ó bo àtíbàbà tí wọ́n ta síwájú ilé, kò sì pẹ́ tó fi bo ànkóò aláwọ̀ àlùbọ́sà tí àwa ẹbí ọkọ wọ̀. Ẹni tí kò bá dé ìhà Èjìgbò rí yóò yà á lẹ́nu bí èdè Faransé ṣe ń jáde lẹ́nu àwọn àgbàlagbà tó jókòó sábẹ́ igi. Láti ayé àwọn òyìnbó amúnisìn ni àwọn ará ibẹ̀ ti ń ṣòwò lọ sí Côte d'Ivoire. Títí dòní, ọkọ̀ ń gbéra ní Èjìgbò lọ tààrà sí Àbíjàn, á gba ilẹ̀ Benin, Togo àti Ghana kọjá. Kò wọ́pọ̀ kí ẹ wọ agbo ilé kan kí ẹ má bá ẹni tó ti ọ̀hún dé tàbí ẹni tó ń di ẹrù àtilọ. Láyé àtijọ́, ọmọ tí wọ́n bí ní Treichville, àdúgbò kan ní Àbíjàn, lè wá kọlà ìdílé nílé, kó sì padà.

Irú àgbà bẹ́ẹ̀ kan jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ẹnu ọ̀nà nígbà tí mo ń sọ àkọ́díọ̀nù kalẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì. Bàbá Àbíjàn ni wọ́n ń pè é. Fìlà rẹ̀ gbọ́rọ̀ sí apá kan, bàtà rẹ̀ ń dán, eruku kò sì bà lé e. N kò mọ bó ṣe ṣe é. Ó ní "Bonjour." Mo ní "Bonjour, sà," Faransé mi sì tán síbẹ̀. Mo gbé ohun èlò mi kọ́rùn níwájú rẹ̀. Ó wò ó, ó wò mí, ó tún wò ó, ó mi orí díẹ̀díẹ̀. Mo rò pé ó ń yìn mí ni. Mo tẹríba fún un.

Ẹ ti mọ bí ìdána ṣe ń lọ. Alága ìdúró ló ń sọ̀rọ̀ fún ẹbí ọkọ, alága ìjókòó fún ẹbí ìyàwó, ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì sì máa ń ní iye lórí. Alága ìjókòó tí àwọn àna wa gbà jẹ́ obìnrin gíga kan tó so gèlè bí ẹni pé ìjà ló ń lọ, kò sì nílò ẹ̀rọ gbohùngbohùn tó mú lọ́wọ́. Kí a tó jókòó a ti san owó ìkanlẹ̀kùn. A san owó àwọn ìyàwó ilé, a san owó ọmọ ilé, a san owó bàbá-gbọ́ àti owó ìyá-gbọ́. Ìgbà náà ni wọ́n ní kí ọkọ ìyàwó wọlé.

Àbúrò mi àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ jó wọlé, wọ́n to ara wọn lọ́wọ̀ọ̀wọ́, wọ́n dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí ẹní níwájú àwọn àna. Àdéhùn èmi àti alága ìdúró wa ni pé bí àyà wọn bá ti kan ilẹ̀ ni kí n gbé orin sókè. Mo jáde. Mo na ẹwìrì.

Ohun tí n kò tíì dánwò rí nílé ni kí n wọ agbádá tẹ àkọ́díọ̀nù. Bí mo ṣe na ẹwìrì, apá agbádá mi rọ́ wọ àárín rẹ̀. Bí mo ṣe pa á dé, ó gbá aṣọ mú. Mo fà á, kò jáde. Mo tún na ẹwìrì kí aṣọ lè bọ́, ìdajì apá kejì tún wọlé. Lójú gbogbo ènìyàn, ó jọ ijó, àwọn kan sì ti ń pàtẹ́wọ́. Mo ní kò burú, mo bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ ojú orin. Àwọn kan dún, àwọn kan dákẹ́, bọ́tìnnì kan sì wọlé tí kò jáde mọ́. Ohùn rẹ̀ ń lọ gbọọrọ, "wìììì," kò sinmi. Nígbà tí mo rí i pé ọwọ́ kò gbà, mo gbé e fún ẹnu. Orúkọ obìnrin inú orin náà nìkan ló dá mi lójú lákòókò yẹn, nítorí náà mo fi gbogbo agbára ké e:

"Sàlómẹ̀!"

Mo gbọ́dọ̀ sọ fún yín pé orúkọ ìyàwó kì í ṣe Sàlómẹ̀. Kò tilẹ̀ jọ ọ́.

Alága ìjókòó gbé ọwọ́ sókè. Gbogbo àtíbàbà pa lọ́lọ́, àfi bọ́tìnnì mi.

"Ẹ̀yin àna wa," ó ní, "mo ní káàdì ìdána lọ́wọ́ níbí. Mo kà á láti òkè dé ìsàlẹ̀, mo yí ẹ̀yìn rẹ̀. Ta ni Sàlómẹ̀?"

Ariwo sọ. Àwọn ọ̀rẹ́ ìyàwó ní "Háà!" Ẹnìkan ní òun ti mọ̀ pé ọkùnrin Ìbàdàn kì í ní ẹyọ kan. Mo wo alága ìdúró wa pé kó gbà wá. Obìnrin tí a fi owó gidi gbà yìí rọra sún àga rẹ̀ kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Àwọn tó dọ̀bálẹ̀ fẹ́ dìde, alága ìjókòó ní kí wọ́n dúró sórí ilẹ̀ níbẹ̀: "Ọkọ kan kì í dìde nílé yìí títí a ó fi mọ ti Sàlómẹ̀."

Mo ní, "Orin ni, mà."

"Orin ta ni?"

"I.K. Dáìró, mà."

Ojú rẹ̀ sọ fún mi pé ó mọ̀. Ó ṣeé ṣe kí ó ti jó orin náà ju gbogbo wa tó wà níbẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n òwò ni òwò. Ó na ẹ̀rọ gbohùngbohùn sí mi: "Dáìró wo? Ẹ sọ ìtàn rẹ̀ kí ẹbí gbọ́."

Kí a má parọ́, láti ìgbà tí mo ti dàgbà ni mo ti ń retí kí ẹnìkan bi mí ní ìbéèrè yìí níwájú èrò. Mo gba gbohùngbohùn. Mo gbàgbé pé ènìyàn wà lórí ilẹ̀. Mo bẹ̀rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ Túndé King.

Mo ṣàlàyé bí Túndé King ṣe gbé jùjú sórí àwo ní Èkó láàárín ọdún 1930 sí 1939. Mo sọ bí Àyìndé Bákàrè ṣe gbé gìtá oníná wọ inú rẹ̀ lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, àti bí ẹ̀rọ gbohùngbohùn ṣe jẹ́ kí gángan lè bá gìtá sọ̀rọ̀ láìbò ó mọ́lẹ̀. Gbogbo ìgbà tí mo bá mí, ikùn mi ń ti ẹwìrì, bọ́tìnnì náà á sì dá sí ọ̀rọ̀: "wìn-ín." Ọ̀rẹ́ ọkọ kan láti ilẹ̀ bi àbúrò mi bóyá a ti dé ọ̀dọ̀ Dáìró.

Mo dé ọ̀dọ̀ Dáìró. Ìsáyà Kẹ́hìndé Dáìró, tí wọ́n bí ní Ọ̀fà ní nǹkan bí 1930; ará Ìjẹ̀bú-Jẹ̀ṣà ni àwọn òbí rẹ̀. Bàbá rẹ̀ kan ìlù kékeré fún un nígbà tó wà lọ́mọ ọdún méje, ìlù yẹn ló sì gbé dání nígbà tí owó ilé ìwé tán tó fi Ọ̀fà sílẹ̀ padà sí Ìjẹ̀bú-Jẹ̀ṣà. Ibẹ̀ ló ti ń fá orí fún àwọn ènìyàn, tó sì ń bá àwọn onílù kiri bí kò bá sí orí tí yóò fá.

"Onígbàjámọ̀ ni, àbí olórin?" alága bi mí.

"Méjèèjì, mà. Ó tún ta aṣọ."

Ibi tí mo ti ki ọwọ́ bọ iná gan-an nìyí. Mo rántí pé Ẹdẹ kò jìnnà sí Èjìgbò. Mo ní bí mo bá sọ pé ọkùnrin náà ti gbé ládùúgbò wọn rí, wọn yóò fojú ọmọ ilé wò ó, kí wọ́n sì tètè dá wa sílẹ̀. Mo wá fi tẹ̀rín-tẹ̀rín sọ pé ní 1948, nítòsí yín níhìn-ín, ní Ẹdẹ, Dáìró ń bá ọ̀gá kan kiri aṣọ. Ọ̀gá lọ sí ìrìn àjò. Dáìró bá àwọn olórin lọ sóde àríyá. Ọ̀gá dé, ó lé e lọ. Mo rẹ́rìn-ín síbẹ̀ kí àwọn náà lè rẹ́rìn-ín.

Ẹ̀gbọ́n bàbá ìyàwó kò rẹ́rìn-ín. Bàbá náà tún jókòó dáadáa. "Ẹni tí wọ́n fi ọjà sílẹ̀ fún, tó pa á tì, tó lọ lùlù," ó ní, "ṣé òun ni ẹ mú wá fi ṣe àwòkọ́ṣe fún ọkọ ọmọ wa?"

Àbúrò mi, tó ń ta fóònù ní Ìbàdàn, gbé orí sókè lórí ẹní. "Èmi kì í fi ṣọ́ọ̀bù sílẹ̀ o, sà. Ẹ jọ̀ọ́, sà."

Mo rí i pé kí n tètè gbé ọkùnrin náà kúrò ní Ẹdẹ. Mo gbé e lọ sí Ìbàdàn, sínú ẹgbẹ́ jùjú Òjógé Daniel. Mo dá a padà sílé. Mo sáré dé 1957, nígbà tó kó ènìyàn mẹ́wàá jọ, tó sọ wọ́n ní Morning Star Orchestra. Mo dé ọdún òmìnira, 1960, nígbà tí wọ́n pè é sóde agbẹjọ́rò kan ní Ìbàdàn, tí àwọn ènìyàn ńláńlá Yorùbá gbọ́ ọ, tí oníkálukú sì bẹ̀rẹ̀ sí í gbà á fún òde tirẹ̀. Mo sọ pé ó yí orúkọ ẹgbẹ́ padà sí Blue Spots, pé ó figagbága pẹ̀lú àwọn oníjùjú lórí tẹlifíṣọ̀n Ìwọ̀-Oòrùn, ó sì borí. Mo sọ nípa àkọ́díọ̀nù. Mo sọ bó ṣe ń ṣa orin láti inú ohun tí àwọn ènìyàn ń kọ nílé àti lóko, tí kò fi mọ sí èdè Yorùbá nìkan, tó fi jẹ́ pé ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá pàápàá ń rí nǹkan mú nínú àwo rẹ̀. Mo dé "Salome," 1962. Mo sinmi díẹ̀ kí ó lè wọ̀ wọ́n lára.

Bọ́tìnnì ní, "wìn-ín."

Ìyá tó bí ìyá ìyàwó ló dáhùn, láti ibi tó jókòó sí láàárín àwọn obìnrin. Ohùn rẹ̀ tín-ínrín, ṣùgbọ́n gbogbo ènìyàn dákẹ́ fún un. "Ọkọ mi," ìyá pè mí, "orin wa ni. Àwa la máa ń kọ ọ́ níhìn-ín. A kọ ọ́ nígbà tí wọ́n gbé ìyàwó àbúrò mi wálé. Kò sẹ́ni tó kọ ọ́ fún wa."

Ẹni tó bá ní làákàyè á ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, mà." Ẹni tó ń fẹ́ ìyàwó fún ẹbí rẹ̀ á tilẹ̀ kúnlẹ̀ sọ ọ́. Èmi ní, "Ẹ má bínú, ìyá, orin tó ní ẹni tó kọ ọ́ ni, ó sì ní ọdún."

"Ọdún wo?"

"1962, mà."

"Mo ti bímọ nígbà yẹn," ìyá ní. "Dáìró tí ò ń wí yìí, ṣé ó wá gbowó orin rẹ̀ lọ́wọ́ mi rí?"

Ẹ̀rín bú. Èmi nìkan ni n kò rẹ́rìn-ín, nítorí ìbéèrè náà jinlẹ̀ ju bí wọ́n ṣe mú un lọ. Orin tó bá ti wọ ẹnu gbogbo ìlú, ta ló lè gba owó rẹ̀ lọ́wọ́ ìyá tó ń fi gún iyán? Ilé iṣẹ́ agbáwojáde ló ń jẹ èrè àwo, oníkálukú ló ń jẹ adùn, olórin sì ń jẹ òkìkí. Mo rò pé Dáìró mọ èyí ju ẹnikẹ́ni lọ, torí ní 1969 òun àti Haruna Ìṣọ̀lá, ọ̀gá alápàlà, dá ilé iṣẹ́ agbáwojáde tiwọn sílẹ̀, STAR Records, kí olórin lè di onílé nínú ilé tó fọwọ́ ara rẹ̀ kọ́. Mo fẹ́ sọ gbogbo èyí fún ìyá. Mo tilẹ̀ ti la ẹnu.

"Owó àríyànjiyàn pẹ̀lú àgbà," ni alága ìjókòó wí, ó na àwo sí mi.

Mo fi owó síbẹ̀. Mo ní kí n fi ọ̀rọ̀ iyì parí rẹ̀: mo ní ní 1963, Ọbabìnrin Elizabeth ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi oyè MBE dá Dáìró lọ́lá. Àwọn àgbà mi orí díẹ̀. Alága bi mí bóyá oyè náà ní owó nínú. Mo ní n kò rò bẹ́ẹ̀. Ó ní nígbà náà kí n máa bọ̀ níbi tí owó wà.

Ìgbà yìí ni àbúrò mi, tí oòrùn ti rí àyè wọlé sí lára láti ẹ̀gbẹ́ àtíbàbà, pè mí jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. "Bọ̀ọ̀dá mi, ẹ jọ̀ọ́. Ìgbà wo ni bàbá yìí máa kú?"

"Oṣù kejì, ọdún 1996."

"Ọdún wo lẹ wà báyìí?"

"1963."

Ọ̀kan nínú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ dojú bolẹ̀ pátápátá. "Ẹ kúkú pa á," ó ní. "Ẹ dákun."

N kò lè pa á bẹ́ẹ̀. Mo fo "Ká Sọ́ra" tó fi kìlọ̀ fún àwọn òṣèlú kí ogun abẹ́lé tó dé, ó sì dùn mí títí di òní. Mo fo bí Obey àti Sunny ṣe gba agbo lọ́wọ́ rẹ̀. Mo sọ pé ó di òjíṣẹ́ Ọlọ́run láàárín àwọn aládùúrà, èyí tí ẹ̀gbọ́n bàbá ìyàwó fẹ́ràn díẹ̀, àti pé ní ìgbẹ̀yìn ayé rẹ̀ ó lọ kọ́ àwọn ọmọ òyìnbó ní orin ní yunifásítì Washington, ní ìlú Seattle ní Amẹ́ríkà. Mo wá pa á ní Ẹ̀fọ̀n-Aláàyè, ní February 7, 1996. Àwọn tó wà nílẹ̀ ní "Àmín" kí n tó gbàdúrà fún òkú.

Alága ìjókòó gba gbohùngbohùn padà. "Bàbá ti gbọ́," ó ní, "ìyá ti gbọ́. Ìyàwó wa náà ti jókòó sínú yàrá, ó ti gbọ́ orúkọ obìnrin mìíràn lọ́jọ́ ìdána tirẹ̀. Owó Sàlómẹ̀-gbọ́ dà?"

N kò tíì gbọ́ irú owó bẹ́ẹ̀ rí. Bàbá mi tó ti ń ṣe ìdána láti ìgbà tí n kò tíì mọ ọ̀tún yàtọ̀ sósì kò gbọ́ ọ rí. Ṣùgbọ́n àwọn ìyàwó ilé ti ń gbè é: owó Sàlómẹ̀-gbọ́, owó Sàlómẹ̀-gbọ́. Gbogbo ẹbí ọkọ wò mí. Mo ki ọwọ́ bọ àpò, ibẹ̀ gan-an ni owó ọkọ̀ èmi àti ìyàwó mi padà sí Ìbàdàn wà. Mo kó o sínú àwo. Ìyàwó mi ń wòkè, ó ń wo ojú àtíbàbà.

Bàbá Àbíjàn ló dìde. Ó rìn wá bá mi pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ lórí bàtà rẹ̀ tó ń dán, ó na ọwọ́. "Gbé e wá, ọmọ mi."

Mo yọ ọ́ lọ́rùn, ìyẹn ni pé èmi àti òun jọ fa agbádá mi jáde nínú ẹwìrì, ó sì ya. Bàbá yí àkọ́díọ̀nù náà po: ohun tí mo fi ṣe òkè di ìsàlẹ̀, apá ọ̀tún di apá òsì. Ó gbé e kọ́rùn. Ó tẹ bọ́tìnnì tó há náà lẹ́ẹ̀kan, ó fi orí igi ìṣáná gbé e, ó dákẹ́.

"Orí rẹ̀ lo dà kodò," ó ní. "Láti ìgbà tí o ti sọ̀ kalẹ̀ nínú mọ́tò ni mo ti rí i. Mo rò pé bóyá bí wọ́n ṣe ń gbé e ní Ìbàdàn nísinsìnyí nìyẹn."

Nígbà tí bàbá wà ní ọ̀dọ́ ní Treichville, ó wà nínú ẹgbẹ́ jùjú tí àwọn ọmọ ilé dá sílẹ̀ níbẹ̀. Òun ló ń tẹ àkọ́díọ̀nù fún wọn bí wọ́n bá ń sọmọ lórúkọ. Ó sọ èyí bó ṣe ń dán ìka wò, kò sì pé gbólóhùn kan. Ó na ẹwìrì, pílásítà ọ̀hún mí sókè, "Salome" sì jáde ní odindi, láìsí ìṣó kan tó yọrí. Onígángan àwọn àna, tó ti ń sùn láti ìgbà Túndé King, bá a mú un. Ìyá àgbà dìde. Alága ìjókòó gbé gbohùngbohùn sílẹ̀ fúnra rẹ̀, ó bọ́ bàtà. Kò sẹ́ni tó ní kí àwọn tó dọ̀bálẹ̀ dìde. Mo kàn rí wọn lójú agbo ni, eruku ní iwájú, ìlàágùn lẹ́yìn. Wọ́n mú ìyàwó jáde kí àsìkò rẹ̀ tó tó, ó ń jó, ó ń ké orúkọ Sàlómẹ̀ ju ẹnikẹ́ni lọ.

Owó bẹ̀rẹ̀ sí í rọ̀ lé bàbá lórí, náírà àti sẹ́ẹ̀fà pọ̀. Mo mọ ohun tí òfin Báńkì Àpapọ̀ ti 2007 sọ nípa ẹni tó bá ń ná náírà lóde àríyá, àti ẹni tó bá ń jó lé e lórí, nítorí náà n kò ní sọ ẹni tó ná èló. Ìyàwó mi ti rí ọ̀rá dúdú kan níbì kan. Ó fi lé mi lọ́wọ́. "Ẹ lọ bá bàbá ṣa owó," ó ní. "Wọ́n lè bun yín ní owó ọkọ̀."

Mo tẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́yìn Bàbá Àbíjàn, mo ń ṣa owó láàárín ẹsẹ̀ àwọn oníjó, apá agbádá mi tó ya ń gbálẹ̀ tẹ̀lé mi. Ọmọdébìnrin kan tó ń bá mi ṣa á bi mí bóyá ọmọọṣẹ́ bàbá ni mí. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.

"Ẹ gbé ẹsẹ̀ nígbà náà," ó ní. "Ẹ tẹ igba náírà mọ́lẹ̀."